Lẹ́tà ṣíṣí sí àwọn ìgbìmọ̀ tó ń náwó sí iṣẹ́ pápá: ẹ fún wọn ní ọdún wọn pé

Ẹ̀yin alága àti ẹ̀yin ọmọ ìgbìmọ̀,

Ẹ̀yin tí ẹ ń pín owó ìwádìí, ẹ̀yin tí ẹ ń buwọ́ lu ètò akẹ́kọ̀ọ́ kó tó kúrò ní yunifásítì, àti ẹ̀yin tí ẹ ń wò ó bóyá ìwádìí náà kò ní pa ẹnikẹ́ni lára, gbogbo yín la kọ lẹ́tà yìí sí. Ọ̀rọ̀ onímọ̀ àṣà àti ìran ènìyàn tó lọ ń gbé láàárín àwọn tí kì í ṣe ènìyàn rẹ̀ la fẹ́ bá yín sọ: ẹni tó ń bá wọn jí, tó ń bá wọn ṣiṣẹ́, tó ń sọ èdè wọn, tó sì ń kọ ohun tó rí sílẹ̀ lálaalẹ́. Ẹ jẹ́ kí iṣẹ́ yìí, tí à ń pè ní iṣẹ́ pápá, gba oṣù 12 gbáko níbi tí wọ́n ti ń ṣe é, láìka àkókò ìkọ́ èdè mọ́ ọn. Ọ̀sẹ̀ 6 tàbí 8 tó ti ń wọ́pọ̀ nínú ìwé ètò kò burú fún ẹni tó fẹ́ lọ wo ibi tí yóò ti ṣiṣẹ́ lọ́dún tó ń bọ̀. Ẹni tó bá fi í ṣe gbogbo iṣẹ́, àbẹ̀wò ló lọ.

Ìdí kan ni pé kò sí ìlú tí wọ́n ti ń ṣe gbogbo nǹkan nígbà gbogbo. Iṣẹ́ oko ní àsìkò, ìgbéyàwó ní àsìkò, ìrìn-àjò ní àsìkò, ìjà ilẹ̀ pàápàá ní ìgbà tó máa ń ru sókè. Ẹ wo erékùṣù Trobriand, tó wà lábẹ́ Papua New Guinea lónìí, níbi tí onímọ̀ àṣà Bronislaw Malinowski ti ṣiṣẹ́ láàárín 1915 sí 1918. Ẹni tó bá débẹ̀ nígbà tí wọ́n ń gbin iṣu yóò rí ọkùnrin tó ń fi gbogbo agbára rẹ̀ ṣiṣẹ́ oko, yóò sì kọ ọ́ sílẹ̀ pé nítorí ìyàwó àti ọmọ ni. Ó di ìgbà ìkórè kó tó rí i pé iṣu tó dára jù nínú oko náà ń lọ sílé ọkọ arábìnrin onítọ̀hún, àti pé àwọn arákùnrin ìyàwó tirẹ̀ ló ń ru iṣu wá kún àká rẹ̀. Ọ̀rọ̀ ẹbí, ọ̀rọ̀ ogún, ọ̀rọ̀ ipò, gbogbo rẹ̀ ló so mọ́ ọ̀nà tí iṣu yìí ń gbà. Bí owó bá tán lọ́wọ́ olùwádìí ní oṣù kan ṣáájú ìkórè, ìtàn tó dorí kodò ni yóò gbé padà sílé, kò sì ní sí ohun tí yóò fi mọ̀ pé ó dorí kodò.

A mọ̀ pé ọdún kan kì í rí gbogbo nǹkan. Malinowski lò tó nǹkan bí ọdún méjì níbẹ̀, síbẹ̀ onímọ̀ mìíràn, Annette Weiner, tó lọ ní 1971 ló wá fi yé ayé pé ìdì ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ gbígbẹ àti yẹ̀rì tí àwọn obìnrin ń pín níbi ètò òkú jẹ́ ọrọ̀ gidi, tí àwọn ọkọ ń ná ohun ìní tiwọn kí ìyàwó wọn má bàa tẹ́ lọ́jọ́ náà. Ó ń ṣẹlẹ̀ lójú Malinowski, kò kàn fi bẹ́ẹ̀ kà á sí ni. Bí ọdún méjì bá lè fo irú nǹkan bẹ́ẹ̀, ẹ ro ohun tí oṣù méjì yóò fò.

Ẹ jẹ́ ká wá sórí èdè, torí ibẹ̀ ni ìṣirò yín ti kọ́kọ́ ń daru. Iléèwé tí ìjọba Amẹ́ríkà fi ń kọ́ àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ tó ń lọ sí òkèèrè ní èdè ka wákàtí 600 sí 750 nínú kíláàsì fún èdè tí kò jìnnà sí Gẹ̀ẹ́sì, bíi Faransé. Fún Lárúbáwá tàbí èdè Ṣáínà, nǹkan bí 2,200 ni wọ́n kà. Ọ̀sẹ̀ 8, ọjọ́ 5 lọ́sẹ̀, wákàtí 5 lóòjọ́: wákàtí 200 péré nìyẹn, a ò tíì bi ẹnikẹ́ni ní ìbéèrè kan. Àwọn èdè yẹn sì nìyí tó ní ìwé gírámà, ìwé atúmọ̀ àti olùkọ́ tó gboyè. Ọ̀pọ̀ èdè tí olùwádìí ń lọ bá, ẹnu àwọn tó ń sọ ọ́ nìkan ló wà, ọmọdé ló sì sábà máa ń jẹ́ olùkọ́ tó dára jù, torí kò sí ohun tó ń tì wọ́n lójú láti sọ fún àgbàlagbà pé kò mọ̀ ọ́n sọ.

Ẹ óò ní kí ó lo ògbufọ̀. Ògbufọ̀ kò burú, àwọn kan tiẹ̀ dára ju olùwádìí lọ. Ṣùgbọ́n ọmọ ẹnìkan ni ògbufọ̀, ó sì ní ibi tó ti wá. Àgbà tí a ń bi ní ìbéèrè kì í bá àlejò sọ̀rọ̀; ọmọ lágbájá tó jókòó láàárín wọn ló ń bá sọ̀rọ̀, ohun tó bá sì lè gbọ́ ni yóò sọ. Àgbà a rojọ́ fún ìṣẹ́jú márùn-ún, ògbufọ̀ a sọ ọ́ di gbólóhùn kan: «Ó ní bẹ́ẹ̀ ni.» Èébú a pòórá, àwàdà a pòórá, iyèméjì a di ìdánilójú. Ẹni tó bá máa lò ó, kó ní méjì láti ìhà ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ nínú ìlú. Kó máa yọ ìṣẹ́jú 10 nínú ohùn tó gbà sílẹ̀, kó gbé e fún ẹlòmíràn túmọ̀ láìsọ fún ti àkọ́kọ́, kó sì wo ibi tí wọ́n ti yà. Owó méjì nìyẹn, èyí tí ìwé ètò yín kì í sábà ní àyè fún.

Ìgbẹ́kẹ̀lé ló tẹ̀ lé e, òun náà kì í gba ìkánjú. E. E. Evans-Pritchard dé ọ̀dọ̀ àwọn Nuer ní gúúsù Sudan ní 1930, lẹ́yìn tí ọmọ ogun ìjọba ti fìyà jẹ wọ́n. Bó bá béèrè orúkọ ẹnìkan, onítọ̀hún a béèrè lọ́wọ́ rẹ̀ pé kí ló fẹ́ fi orúkọ òun ṣe. Nígbà tí ara wọn fẹ́ máa mọ́ ọn, àwọn ọmọ ogun yí àgọ́ ká ní àfẹ̀mọ́júmọ́ ọjọ́ kan, wọ́n kó ènìyàn lọ; òun náà kó ẹrù rẹ̀. Ó padà lọ lẹ́ẹ̀mẹta kí 1936 tó parí. Àpapọ̀ gbogbo rẹ̀ tó nǹkan bí ọdún kan, òun fúnra rẹ̀ sì kọ ọ́ sínú ìwé tó jáde ní 1940 pé ọdún kan kò tó.

Ní ti Napoleon Chagnon, tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ láàárín àwọn Yanomami ní Venezuela ní ìparí 1964, wọ́n dá a lóhùn dáadáa. Irọ́ ni wọ́n fi dá a lóhùn. Orúkọ òkú jẹ́ èèwọ̀ níbẹ̀, orúkọ ènìyàn ńlá kò sì ṣeé pè lójú rẹ̀, orúkọ gan-an ló sì ń béèrè kó lè to ìran wọn. Wọ́n hùmọ̀ orúkọ ìsọkúsọ fún ọkùnrin, obìnrin àti ọmọ, wọ́n ń wò ó bó ṣe ń fara balẹ̀ kọ ọ́. Ó tó nǹkan bí oṣù márùn-ún kó tó dárúkọ díẹ̀ lára wọn ní abúlé mìíràn, tí ẹ̀rín sì gba ilé kan. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ pé gbogbo ìwé ìran tó ti kọ ló dànù. Àríyànjiyàn lórí àwọn iṣẹ́ rẹ̀ mìíràn kò tíì tán, ṣùgbọ́n òun fúnra rẹ̀ ló sọ èyí jáde. Bó bá jẹ́ ọ̀sẹ̀ 8 ni ẹ fún un, orúkọ yẹ̀yẹ́ wọ̀nyẹn ni ì bá tẹ̀ jáde fún wa, àwa ì bá sì máa fi í kọ́ ọmọ.

Ibi tí olùwádìí bá sùn ló ń pinnu ẹni tí yóò bá a sọ̀rọ̀. Bó bá wọ̀ sílé olórí, ààbò wà, àwọn tó ní ẹ̀sùn sí olórí yóò sì máa kí i lókèèrè. Bó bá wọ̀ sílé ẹni tí ìdajì ìlú ń bá yodì, ó ti wọ ìjà tí kò mọ orísun rẹ̀. Bó bá dá ilé gbà, ó ní àyè láti kọ̀wé, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ tó gbayì jù, èyí tí wọ́n ń sọ lẹ́yìn oúnjẹ alẹ́ àti kí ilẹ̀ tó mọ́, kò ní dé etí rẹ̀. Nígbà tí Margaret Mead ṣiṣẹ́ ní erékùṣù Ta'u ní Samoa ní 1925 sí 1926, ọ̀dọ̀ àwọn ará Amẹ́ríkà ní ilé ìtọ́jú aláìsàn ti ọmọ ogun ojú omi ló ń gbé. Ó ní ìdí tirẹ̀: àwọn ọmọbìnrin lè wá bá a níbẹ̀ láìsí àgbà. Onímọ̀ mìíràn, Derek Freeman, fi ọ̀rọ̀ ibùgbé yìí kún ẹ̀sùn tó kà sí i lẹ́sẹ̀ ní 1983, pé ohun tó kọ nípa àwọn ọ̀dọ́ Samoa kò rí bẹ́ẹ̀, ìjà náà sì gbóná fún ọ̀pọ̀ ọdún. Èyí tó máa ń ṣiṣẹ́ jù ni kí ènìyàn lo oṣù 2 tàbí 3 nínú ilé kan, lórí owó ilé tí wọ́n fẹnu kò lé ní gbangba, kó wá máa lọ sùn ní ọ̀sẹ̀ méjì méjì ní àdúgbò mìíràn. Kó sì kíyè sí àwọn tó kọ́kọ́ bá a ṣọ̀rẹ́. Ẹni tó ń sáré mú àlejò lọ́rẹ̀ẹ́ sábà máa ń jẹ́ ẹni tí àwọn ará ilé ti tì sẹ́yìn, tàbí ẹni tó ní ohun tó fẹ́ gbà. Kó má lé wọn. Kó kàn kọ ọ́ sílẹ̀ pé àwọn ló sọ ọ́.

Ní ti iṣẹ́ ọjọ́ kan, ohun tí ẹni tó wà lóde máa ń rí ni pé àlejò jókòó lójúde, ó ń bá àgbà tàkurọ̀sọ. Ìdajì iṣẹ́ náà, ìdí tábìlì ni wọ́n ti ń ṣe é. Ìwé kékeré tó lè wọ àpò ni olùwádìí ń mú kiri, torí ìwé ńlá tàbí fóònù tí ènìyàn gbé sókè a máa pa àwọn ènìyàn lẹ́nu mọ́. Nínú rẹ̀ ló ń kọ gbólóhùn sí gẹ́gẹ́ bí wọ́n ṣe sọ ọ́, orúkọ, aago, ẹni tó jókòó síwájú àti ẹni tó dúró lẹ́yìn. Níbi tí kò bójú mu láti kọ̀wé, bí ìdí òkú tàbí ibi tí wọ́n ti ń parí ìjà, yóò há ọ̀rọ̀ 5 tàbí 6 sórí, yóò yà sẹ́yìnkùlé bí ẹni tó fẹ́ tọ̀, yóò sì kọ wọ́n síbẹ̀. Kó tó sùn, ó gbọ́dọ̀ sọ àwọn àjákù ọ̀rọ̀ yìí di àkọsílẹ̀ kíkún. Wákàtí 1 tí ó fi wòran ń gba wákàtí 2 láti kọ, nígbà mìíràn 3. Kó má sì rò ó fún ẹnikẹ́ni kó tó kọ ọ́, torí ẹni tó bá ti ròyìn nǹkan lẹ́ẹ̀kan, bó ṣe ròyìn rẹ̀ ni yóò máa rántí. Àkọsílẹ̀ tó bá fi ọjọ́ mẹ́ta pẹ́, ọ̀rọ̀ ẹnu àwọn ènìyàn yóò ti di ọ̀rọ̀ ẹnu olùwádìí nínú rẹ̀.

Ojú ewé kọ̀ọ̀kan gbọ́dọ̀ ní nọ́ńbà, ọjọ́, ibi, àti àwọn tó wà níbẹ̀. Ọ̀rọ̀ tí wọ́n sọ gan-an wà nínú àmì ìfàyọ méjì. Èyí tó jẹ́ pé kókó rẹ̀ ni a rántí wà nínú àmì ẹyọ kan. Ohun tí olùwádìí fi ọ̀rọ̀ ara rẹ̀ sọ kò ní àmì rárá. Ẹni tó bá fojú di nǹkan kékeré yìí, lẹ́yìn ọdún mẹ́ta tó bá ń kọ ìwé rẹ̀, kò ní mọ ohùn ta ni mọ́. Ìwé mìíràn lọ́tọ̀ ni ti ìbínú, àárò ilé àti ìfura. Ìwé irú èyí tí Malinowski kọ, tí opó rẹ̀ gbé jáde ní 1967, kún fún ìkanra sí àwọn tó ń gbé láàárín wọn, ó sì ba ọ̀pọ̀ ènìyàn lọ́kàn jẹ́. Lójú tiwa, ó sàn kí ìkanra ní ìwé tirẹ̀, ká lè mọ ibi tó wà, ju kó yọ́ wọnú àkọsílẹ̀ kó sì di ìmọ̀ lọ.

Ẹ wá ṣe ìṣirò ohùn tí wọ́n gbà sílẹ̀, torí òun ni ìwé ètò máa ń pè ní «ìfọ̀rọ̀wánilẹ́nuwò 40» bí ẹni pé ó parí síbẹ̀. Wákàtí 1 ohùn ń gba wákàtí 4 sí 6 láti kọ jáde ní èdè tí ènìyàn gbọ́ yékéyéké. Ní èdè tó ṣì ń kọ́, pẹ̀lú ìtumọ̀, ó lè tó 10. Bí ọ̀kọ̀ọ̀kan nínú 40 yẹn bá gba wákàtí kan ààbọ̀, wákàtí 60 ni. Ká fi 8 sọ ọ́ di púpọ̀, 480 ni, ìyẹn ọ̀sẹ̀ 12 ní wákàtí 40 lọ́sẹ̀. Ìkọ-jáde nìkan ti jẹ ọ̀sẹ̀ 8 yín tán, ó sì jẹ gbèsè mẹ́rin lé e. Níbi tí ẹni tó sọ̀rọ̀ wà nítòsí ló sì yẹ kó ti kọ ọ́ jáde, kó lè padà lọ béèrè ohun tí kò yé e.

Ẹ̀dà gbọ́dọ̀ jẹ́ mẹ́ta, lórí irú ohun èlò méjì, kí ọ̀kan nínú wọn wà ní ìlú mìíràn. M. N. Srinivas ní ẹ̀dà mẹ́ta lóòótọ́: àkọsílẹ̀ tó ti tún tò nípa abúlé Rampura ní gúúsù Íńdíà, tó ti ń ṣiṣẹ́ lé lórí láti 1948. Àmọ́ inú ilé kan náà ni mẹ́tẹ̀ẹ̀ta wà ní Stanford ní Amẹ́ríkà nígbà tí àwọn kan dáná sun ibẹ̀ ní oṣù kẹrin 1970. Orí ló fi rántí ìwé tó tẹ̀ jáde ní 1976, orí rẹ̀ sì pé. Ẹ má fi ti Srinivas ṣe ètò fún akẹ́kọ̀ọ́.

Láàárín oṣù kejì sí ìkẹrin ni kíka ilé bọ́ sí. Ìlú tó ní ilé 100, bí ènìyàn bá ka 2 lóòjọ́ fún ọjọ́ 5 lọ́sẹ̀, ọ̀sẹ̀ 10 ni, kò sì ṣeé kánjú ṣe, torí ilé kọ̀ọ̀kan fẹ́ kí àlejò jókòó. Kó má béèrè pé «ta ló ń gbé níbí?», ìbéèrè yẹn ń bí ìdáhùn ohun tó yẹ kó rí. Kó béèrè ẹni tó sùn níbẹ̀ lálẹ́ àná. Ìgbà náà ni yóò rí ọmọ tí wọ́n gbé wá, ọkọ tó ti lọ, àti ìyá àgbà tí kò sí ẹni tó kà á mọ́ni. Ní ti ìran, ọ̀nà tí W. H. R. Rivers gbé kalẹ̀ lẹ́yìn ìrìn-àjò ìwádìí sí àwọn erékùṣù Torres Strait, láàárín Australia àti Papua New Guinea, ní 1898 ṣì ń ṣiṣẹ́: orúkọ ìyá tó bí ọ gan-an, orúkọ bàbá, ọmọ wọn lọ́kọ̀ọ̀kan bí wọ́n ṣe bí wọn tẹ̀lé ara wọn, ẹni tí ọ̀kọ̀ọ̀kan fẹ́, ẹ̀yìn ìyẹn ni a ń béèrè ohun tí o ń pe ẹni yìí àti ohun tó ń pè ọ́. A óò tún gba ìran kan náà lẹ́nu ẹlòmíràn láti ẹ̀ka mìíràn. Níbi tí ìtàn méjì bá ti yà, ó sábà máa ń jẹ́ pé ilẹ̀ wà níbẹ̀, tàbí ìtìjú.

Ọ̀rọ̀ fọ́ọ̀mù ìfọwọ́sí (tí ènìyàn ń buwọ́ lù pé òun gbà láti kópa nínú ìwádìí), èyí tó kan ẹ̀yin tí ẹ ń rí sí ìlànà ìwà. Ìpinnu yín dára, ọwọ́ tí ẹ fi mú un ló le. Níbi tí ó jẹ́ pé ìwé tí bàbá wọn tẹ̀ka sí ni wọ́n fi gba ilẹ̀ wọn, ẹni tó bá gbé bébà àti yíǹkì wá lọ́jọ́ kejì ti pa iṣẹ́ ara rẹ̀. Òfin ìjọba Amẹ́ríkà fúnra rẹ̀, nínú àtúnṣe 2018, gbà kí ìgbìmọ̀ yọ ìbuwọ́lùwé kúrò bí àwọn tí ọ̀rọ̀ kàn bá jẹ́ ti àwùjọ tí kò ti mọ́ wọn lára láti buwọ́ lu ìwé, bí ewu náà kò bá ju ti ojoojúmọ́ lọ, tí ọ̀nà mìíràn sì wà láti fi hàn pé wọ́n gbà. Ẹgbẹ́ àwọn onímọ̀ yìí ní Amẹ́ríkà náà kọ ọ́ sínú ìlànà wọn ti 2012 pé ìgbàṣẹ jẹ́ ohun tó ń lọ títí, pé bí ènìyàn ṣe gbà ló ṣe pàtàkì, irú ìwé tó fi gbà á kò ṣe pàtàkì tó o. Ohun tí ẹ lè béèrè ni èyí: gbólóhùn wo ni yóò sọ, ní èdè wọn? Ta ni yóò jẹ́rìí sí i? Ìgbà mélòó ni yóò tún un sọ? Torí lẹ́yìn oṣù mẹ́fà àwọn ènìyàn ti gbàgbé pé òǹkọ̀wé ló jókòó tì wọ́n. Ọmọ ilé ni wọ́n ń rí. Ìgbà yẹn gan-an ni wọ́n ń sọ èyí tí wọn ì bá má sọ, ojúṣe olùwádìí sì ni kó rán wọn létí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé yóò pàdánù ọ̀rọ̀ náà.

Ẹ má sì jẹ́ kó ṣe ìlérí tí kò lè mú ṣẹ. Yíyí orúkọ padà kì í fi ẹnikẹ́ni pamọ́ fún aládùúgbò rẹ̀. Nancy Scheper-Hughes yí orúkọ abúlé tó kọ̀wé nípa rẹ̀ ní Ireland padà nínú ìwé rẹ̀ ti 1979. Kò pẹ́ tí gbogbo ènìyàn fi mọ ibẹ̀, àwọn ará abúlé dá ara wọn mọ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, nígbà tó sì padà lọ ní 1999, wọ́n ní kó máa lọ. Ilé ẹjọ́ pàápàá kì í sábà ka àṣírí ìwádìí sí. Rik Scarce, akẹ́kọ̀ọ́ ìmọ̀ àwùjọ ní Amẹ́ríkà, lo ọjọ́ 159 lẹ́wọ̀n ní 1993 torí ó kọ̀ láti sọ ohun tí àwọn tó bá sọ̀rọ̀ sọ fún un. Ilé ẹjọ́ lè ní kí ènìyàn sọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n ìwé tí a kò kọ, kò sí ẹni tó lè fi àṣẹ ilé ẹjọ́ gbà á. Nítorí náà, kí orúkọ gidi wà nínú ìwé kan ṣoṣo tó jìnnà sí ìyókù, tí kọ́kọ́rọ́ wà lára rẹ̀. Kí àkọsílẹ̀ ìwà ọ̀daràn má sì wáyé rárá àyàfi bí ìwádìí náà kò bá lè ṣe láìsí i.

Ewu ara: èyí kò ní gùn. Bernard Deacon kú ní erékùṣù Malekula, tó wà ní Vanuatu lónìí, ní 1927 lọ́wọ́ ibà, nígbà tó kù díẹ̀ kó máa lọ sílé. Wọ́n pa Henrietta Schmerler, akẹ́kọ̀ọ́ yunifásítì Columbia, nígbà tó ń ṣiṣẹ́ láàárín àwọn Apache ní Amẹ́ríkà ní 1931. Michelle Rosaldo yọ̀ ṣubú lórí òkè ní Philippines ní 1981. Owó ọkọ̀ tí yóò gbé ènìyàn dé ilé ìwòsàn, ẹnìkan ní yunifásítì tí yóò máa gbọ́ ohùn rẹ̀ lọ́jọ́ kan pàtó lọ́sẹ̀, àti àṣẹ pé ó lè kúrò lọ́jọ́kọ́jọ́ láìdá owó padà: ẹ kọ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta sínú ìwé owó. Akẹ́kọ̀ọ́ tó bá mọ̀ pé owó òun yóò bọ́ bí òun bá sá, kò ní sá.

Àwọn kan nínú yín ń bẹ̀rù pé ẹni tó bá pẹ́ jù yóò di ọ̀kan nínú wọn, ojú tó fi ń wòran yóò sì bàjẹ́. Frank Hamilton Cushing ni wọ́n sábà máa ń fi ṣe àpẹẹrẹ: ó gbé láàárín àwọn Zuni ní Amẹ́ríkà láti 1879 dé 1884, wọ́n sì mú un wọ ẹgbẹ́ àwọn àlùfáà ọrun (ọrun tí wọ́n fi ń ta ọfà). Àwa kò rí i pé ó dà bẹ́ẹ̀. Àwọn tí olùwádìí ń gbé lọ́dọ̀ wọn kì í gbàgbé ẹni tó jẹ́. Jean Briggs di ọmọ nínú ilé kan láàárín àwọn Inuit Utku ní àríwá Kánádà, 1963 sí 1965. Níbẹ̀, ìbínú jẹ́ ìwà ọmọdé. Nígbà tí àwọn apẹja aláfẹ́ láti ìlú ńlá ba ọkọ̀ ojú omi wọn jẹ́, ó fi ìbínú bá wọn sọ̀rọ̀ nítorí àwọn tó gbà á sílé. Àwọn ará ilé kò bá a jà. Wọ́n kàn fà sẹ́yìn kúrò lọ́dọ̀ rẹ̀ fún nǹkan bí oṣù mẹ́ta, pẹ̀lú ìwà pẹ̀lẹ́ tó jẹ́ pé kò kọ́kọ́ mọ̀ pé wọ́n ti yọ òun kúrò. Inú àṣìṣe yẹn, àti sùúrù tó fi dúró títí wọ́n fi gbà á padà, ni ìmọ̀ tó wà nínú ìwé rẹ̀ ti jáde. Ẹni tó ń padà sílé lọ́sẹ̀ kẹjọ kò ní àyè láti ṣẹ àwọn ènìyàn, áńbọ̀sìbọ́sí kí wọ́n dárí jì í.

Ó ku owó. Owó ọkọ̀ òfuurufú kì í dí yín lọ́wọ́. Àwọn ìlà kéékèèké ni ẹ máa ń gé. Owó olùrànlọ́wọ́, ní iye tí àwọn òṣìṣẹ́ ibẹ̀ ń gbà, kó má kéré kó má sì pọ̀ débi tí yóò dá ìjà sílẹ̀. Ẹ̀bùn, torí ẹni tó ń gbà láìfúnni kì í pẹ́ di ẹrù. Owó ìkọ-jáde àti ti ògbufọ̀ kejì. Olórí wọn ni ìrìn-àjò ìpadàlọ, ọ̀sẹ̀ 3 sí 4, lẹ́yìn tí ó bá ti kọ ìwé náà, kó tó tẹ̀ ẹ́ jáde, kí olùwádìí lè ka apá tó kan àwọn ènìyàn sétí wọn ní èdè wọn, kí wọ́n sọ èyí tí kò rí bẹ́ẹ̀ àti èyí tí kò gbọ́dọ̀ jáde. Ẹ kọ ọ́ sínú àdéhùn láti ìbẹ̀rẹ̀. Bí owó tó wà nílẹ̀ bá tó akẹ́kọ̀ọ́ 13 fún ọ̀sẹ̀ 8 kọ̀ọ̀kan, ẹ mú ẹni méjì péré nínú wọn lọ́dún yìí, kí ẹ fún wọn ní oṣù 12 wọn pé, kí àwọn yòókù lo ọdún náà fún èdè.

Àwa tí iṣẹ́ pápá jẹ́ iṣẹ́ wa.